Ojú Marcel Dalio

Bí ẹ bá ti wo Casablanca rí, fíìmù tí Michael Curtiz darí ní 1942, ẹ ti rí òṣèré Faransé Marcel Dalio, bí ẹ kò tilẹ̀ mọ orúkọ rẹ̀. Òun ni Emil, ọkùnrin kúkurú tó ń yí kẹ̀kẹ́ tẹ́tẹ́ nínú ilé fàájì Rick. Wọn kò kọ orúkọ rẹ̀ mọ́ ti àwọn òṣèré yòókù nígbà tí fíìmù náà jáde. Ọ̀rọ̀ tó sọ níbẹ̀ kò pọ̀. Ó wá fi tó ọ̀gá rẹ̀ létí pé oníbàárà kan ti jẹ ogún ẹgbẹ̀rún faranki, ó ní ọ̀rọ̀ náà dun òun, ó yí kẹ̀kẹ́, ó kó owó fún ẹni tó jẹ, ó tán. Bẹ́ẹ̀, ọdún mẹ́ta péré ṣáájú èyí, òun ló ṣe ìjòyè onílé nínú La Règle du jeu ti Jean Renoir, fíìmù tí ìdìbò àwọn alárìíwísí tí ìwé ìròyìn Sight and Sound ń ṣe ní ọdún mẹ́wàá-mẹ́wàá kò yọ kúrò nínú mẹ́wàá àkọ́kọ́ láti 1952 títí di 2012.

Àwọn tó ń sọ ìtàn rẹ̀ sábà máa ń sọ ọ́ bí ìtàn ìṣubú: ọ̀gá ilé lánàá, ọmọ ọ̀dọ̀ lónìí. Mi ò gbà bẹ́ẹ̀. Mo ti wo iṣẹ́ ọkùnrin yìí débi tí ọwọ́ mi lè tó o dé, ohun tí mo sì rí ni pé ọwọ́ tó fi ṣe ìjòyè náà ló fi ṣe Emil. Ohun tó yí padà ni ohun tí àwọn tó ń fún un níṣẹ́ ń fẹ́ rí lójú rẹ̀. Ojú kan ṣoṣo ni. Renoir wò ó, ó rí ọlọ́lá. Àwọn Násì wò ó, wọ́n rí ọ̀tá. Hollywood wò ó, wọ́n rí ará Faransé kan ṣáá. Ọ̀rọ̀ ojú yìí ló ń jẹ mí lọ́kàn, torí pé mi ò mọ òṣèré mìíràn tí ayé ka ojú rẹ̀ ní ọ̀nà tó yàtọ̀ síra tó báyìí láàárín ọdún díẹ̀.

Ní Paris ni wọ́n ti bí i, ní ọjọ́ 23 oṣù kọkànlá 1899. Israel Moshe Blauschild ni orúkọ àbísọ rẹ̀. Júù tó ṣí wá láti Romania ni àwọn òbí rẹ̀. Ó kọ́ iṣẹ́ eré ní Conservatoire ti Paris, ó sì ṣeré lórí ìtàgé fún ọdún púpọ̀, pàápàá ní àwọn ilé orin àti ẹ̀fẹ̀ tó kún ìlú náà lẹ́yìn Ogun Àgbáyé Kìíní. Ìgbà tí sinimá bẹ̀rẹ̀ sí í sọ̀rọ̀ ni sinimá wá a kàn.

Òǹwòran Faransé ìgbà yẹn kì í san owó torí olórí òṣèré nìkan. Wọ́n mọ àwọn tó ń ṣe ipa kéékèèké pẹ̀lú: wọ́n mọ Julien Carette, wọ́n mọ Saturnin Fabre, wọ́n mọ Pauline Carton. Bí ọ̀kan nínú wọn bá yọjú lẹ́nu ọ̀nà, kí ó tó lanu ni ẹ̀rín ti sọ. Olùdarí kò ní láti ṣàlàyé irú ẹni tí ó jẹ́, ojú rẹ̀ ti ṣàlàyé. Ẹ̀bùn ńlá ni èyí fún òṣèré, ìdè sì ni. Dalio kúrú, irun rẹ̀ dúdú, ẹyinjú rẹ̀ tóbi, kì í sì í lè dúró jẹ́ẹ́ lójú kan. Ohun tí àwọn olùdarí rí nínú gbogbo èyí ni olófòófó, ọ̀dàlẹ̀, ẹlẹ́tàn. Nínú Pépé le Moko tí Julien Duvivier ṣe ní 1937, òun ló ṣe L'Arbi, olófòófó tó ń ṣọ́ Jean Gabin kiri nínú Casbah, àdúgbò àtijọ́ ìlú Algiers. Ó ṣe é dáadáa. Ìyẹn gan-an ni wàhálà ibẹ̀: bí ó ti ń ṣe é dáadáa tó ni wọ́n ń gbé irú rẹ̀ wá.

Ọdún 1937 yẹn kan náà ni Renoir gbé Rosenthal fún un nínú La Grande Illusion. Ẹlẹ́wọ̀n ogun ni Rosenthal lọ́wọ́ àwọn Jámánì, ọmọ olówó ni, Júù ni. Àwọn ará ilé rẹ̀ ń fi ẹrù oúnjẹ ránṣẹ́ sí i, gbogbo ẹni tó wà ní yàrá náà ló sì ń bá a jẹ níbẹ̀. Ó rọrùn púpọ̀ láti ba ipa yìí jẹ́. Ẹ rò ó wò: Yúróòpù 1937, Hitler ti ń jọba fún ọdún mẹ́rin, àwòrán ẹlẹ́yà Júù olówó sì kún inú ìwé ìròyìn. Òṣèré tó bá fẹ́ gba ìyọ́nú òǹwòran á sọ Rosenthal di ẹni mímọ́, onínúure tí kò ní àléébù kankan. Dalio kò ṣe bẹ́ẹ̀. Rosenthal tirẹ̀ ń yangàn díẹ̀. Ó ń fún àwọn èèyàn lóúnjẹ torí pé ó fẹ́ràn wọn, àti torí pé ó ń wù ú kí wọ́n rí i pé òun ní. Ohun méjèèjì wà lójú rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo, ẹni tó ń wò ó kò sì lè yà wọ́n sọ́tọ̀.

Nígbà tí òun àti Maréchal, ìyẹn Gabin, sá kúrò lẹ́wọ̀n, ẹsẹ̀ Rosenthal rọ́. Òtútù mú wọn, ebi ń pa wọ́n, ìbínú wá gbé ọ̀rọ̀ tí kò ṣeé gbé mì jáde. Maréchal sọ ọ́ sí i lójú pé òun kò fẹ́ràn Júù rí. Ó bá tirẹ̀ lọ. Rosenthal jókòó sórí òkúta níbẹ̀, ó bẹ̀rẹ̀ sí í pariwo orin ọmọdé kan nípa ọkọ̀ ojú omi kékeré. Ojú rẹ̀ ń sọ pé òun kò nílò ẹnikẹ́ni, ohùn rẹ̀ sì ń bẹ̀bẹ̀. Níwájú lọ́hùn-ún Maréchal náà ń kọ orin yẹn lẹ́nu láìmọ̀, orin náà bá já mọ́ ọn lẹ́nu, ó sì padà. Kò sí ọ̀rọ̀ ìdáríjì kankan níbẹ̀. Mo máa ń rò pé bí ó bá jẹ́ òṣèré mìíràn ló jókòó sórí òkúta yẹn, Renoir ì bá ní láti kọ ọ̀rọ̀ ìdáríjì sílẹ̀ fún wọn.

Ọdún méjì lẹ́yìn náà ni Renoir ṣe ohun tí ẹnikẹ́ni kò retí. Ó fi Dalio ṣe Robert de la Chesnaye, marquis, ìjòyè àtìrandíran, onílé ńlá ní Paris, onílé ọdẹ ní Sologne. Ó yà Dalio fúnra rẹ̀ lẹ́nu. Nígbà tí wọ́n jọ sọ̀rọ̀ nípa rẹ̀ ní ọ̀pọ̀ ọdún lẹ́yìn náà, Renoir ṣàlàyé fún un pé òun nìkan ni òṣèré tí òun mọ̀ tó lè fi hàn pé ọkàn ọkùnrin náà kò balẹ̀, pé orí àìbalẹ̀ ọkàn yìí ni gbogbo ìwà La Chesnaye dúró lé. Renoir kò gbójú fo ohun tí òǹwòran máa sọ nípa ojú Dalio. Ó gbé e sínú ìtàn gan-an. Níbi tí àwọn òṣìṣẹ́ ilé ti ń jẹun nísàlẹ̀, ẹnìkan ṣòfófó pé ọ̀gá wọn ní bàbá ìyá tó ń jẹ́ Rosenthal, ará Frankfurt. Olórí alásè bá gbà á lẹ́nu wọn. Ó ní nígbà kan ọ̀gá pe òun, ó bá òun wí lórí sàláàdì ọ̀dùnkún, torí pé wọn kò da wáìnì funfun sórí ọ̀dùnkún náà nígbà tó ṣì gbóná. Alásè sì dájọ́: àjèjì lẹ́jẹ̀ tàbí kò jẹ́ bẹ́ẹ̀, ẹni tó mọ èyí, ẹni ńlá ni.

Mo fẹ́ràn ibẹ̀ gidigidi. Dalio kò sí nínú yàrá náà rárá, síbẹ̀ òun ni gbogbo wọn ń wò. Orúkọ Rosenthal tí wọ́n dá sibẹ̀ sì mú fíìmù 1937 yẹn wọlé jókòó tì wọ́n nídìí oúnjẹ.

Ṣùgbọ́n ibi tí mo máa ń dá fíìmù náà dúró sí ni ibi tí La Chesnaye ti fi ẹ̀rọ orin tuntun rẹ̀ han àwọn àlejò. Ó ń kó ẹ̀rọ orin jọ: ẹyẹ kéékèèké tó ń kọrin fúnra wọn, ọmọlangidi tó ń jó. Lálẹ́ ọjọ́ yìí ó ṣí aṣọ lójú èyí tó tóbi jù, dùùrù àgbàyanu kan tó kún fún iná àti ère. Kámẹ́rà rìn lọ díẹ̀díẹ̀ lójú dùùrù náà, ó wá bá Dalio tó dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Kò sọ nǹkan kan. Ó nu ojú. Ó ń yangàn, ojú sì ń tì í pé òun ń yangàn. Inú rẹ̀ dùn bí ti ọmọdé, ẹ̀rù sì ń bà á kí ẹnìkan má rẹ́rìn-ín. Renoir sọ nígbà tó dàgbà pé òun rò pé ibẹ̀ ni ibi tó dára jù tí òun yà láyé òun. Èèyàn tó ya The River, tó ya French Cancan, tó sì bá àwọn òṣèré tó lórúkọ jù ní Yúróòpù ṣiṣẹ́, ojú Dalio lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ̀rọ orin ló mú.

Mi ò rò pé ibẹ̀ jẹ́ ọ̀rọ̀ ẹ̀rọ orin rárá. Ọkùnrin tí gbogbo ilé ń sọ lẹ́yìn rẹ̀ pé kì í ṣe ojúlówó ló dúró síbẹ̀, ó ń fi ohun tó fẹ́ràn jù hàn wọ́n, ó sì ń wò wọ́n bóyá wọ́n máa gbà á. Ọmọ Blauschild láti ilé àwọn Júù Romania kò nílò kí ẹnikẹ́ni ṣàlàyé ìmọ̀lára yẹn fún un.

Oṣù keje 1939 ni wọ́n kọ́kọ́ fi La Règle du jeu hàn ní Paris. Òǹwòran súfèé sí i, wọ́n pariwo. Oríṣiríṣi nǹkan ló bí wọn nínú, ṣùgbọ́n ọ̀kan wà tí àwọn oníwèé ìròyìn tó kórìíra Júù kò fi bò: kí ni Júù ń wá nínú ẹ̀wù marquis Faransé? Wọ́n gé fíìmù náà kúrú, wọ́n tún gé e. Nígbà tí ogun bẹ́ sílẹ̀, ìjọba Faransé fòfin dè é, wọ́n ní ó ń mú ọkàn àwọn èèyàn rẹ̀wẹ̀sì. Ní 1942, bọ́ǹbù dé bá fíìmù ìpìlẹ̀ rẹ̀ níbi tí wọ́n tọ́jú rẹ̀ sí, ó bà á jẹ́. Ó di 1959 kí àwọn èèyàn méjì kan, Jean Gaborit àti Jacques Durand, tó tò ó pa dà láti inú àjákù tí wọ́n rí kó jọ, tí Renoir sì fọwọ́ sí i. Èyí túmọ̀ sí pé fún ogún ọdún gbáko, iṣẹ́ tó dára jù tí Dalio ṣe láyé rẹ̀ kò sí níbi tí ẹnikẹ́ni ti lè rí i ní pípé.

Oṣù kẹfà 1940, àwọn ọmọ ogun Hitler ń bọ̀ ní Paris. Dalio àti ìyàwó rẹ̀ sá. Madeleine Lebeau ni orúkọ ìyàwó náà, òṣèré ni, ọmọdébìnrin tí kò tíì pé ogún ọdún. 1939 ni wọ́n ṣe ìgbéyàwó. Wọ́n dé Lisbon, níbi tí gbogbo ẹni tó ń sá fún Hitler ti ń dúró de ọkọ̀. Ó gbà wọ́n ní oṣù méjì kí wọ́n tó rí físà Chile. Wọ́n wọ ọkọ̀ ojú omi Potogí kan tó ń jẹ́ Quanza. Nígbà tí ọkọ̀ dé Mẹ́síkò ni wọ́n wá mọ̀ pé ayédèrú ni físà tí wọ́n rà, tiwọn àti ti ọ̀pọ̀ èèyàn nínú ọkọ̀ náà. Wọn kò lè lọ síwájú, wọn kò sì lè pa dà sẹ́yìn. Ìwé ìrìnnà onígbà díẹ̀ ti Kánádà ni wọ́n rí gbà nígbẹ̀yìn, òun ni wọ́n fi wọ Amẹ́ríkà.

Lẹ́yìn tó lọ, àwọn Násì mú àwòrán ojú rẹ̀, wọ́n lẹ̀ ẹ́ mọ́ ògiri ní ilẹ̀ Faransé tí wọ́n gbà, kí àwọn èèyàn lè mọ bí Júù ṣe rí. Ojú òṣèré ni wọ́n lò, ojú tí àwọn ará ìlú ti mọ̀ nínú sinimá. Ojú tí Renoir fi ṣe ọlọ́lá lọ́dún kan ṣáájú. Àwọn òbí Dalio kò rí ọkọ̀ wọ̀. Inú àgọ́ ìpànìyàn ni wọ́n kú sí.

Ó yẹ kí a rántí gbogbo èyí bí a bá pa dà sí ilé tẹ́tẹ́ Rick. Ìtàn físà ni Casablanca. Gbogbo àwọn tó wà nínú fíìmù náà ń wá ìwé tí wọ́n máa fi dé Lisbon, kí wọ́n lè ti Lisbon dé Amẹ́ríkà. Ọ̀pọ̀ àwọn tó ṣeré níbẹ̀ ló ti sá kúrò nílé ní tòótọ́: Peter Lorre, Conrad Veidt, Helmut Dantine, S. Z. Sakall, gbogbo wọn ló sá fún Hitler. Ṣùgbọ́n físà Dalio já sí ayédèrú, òun ni wọ́n sì fi sídìí kẹ̀kẹ́.

Ẹ rántí tọkọtìyàwó ọmọ Bulgaria nínú fíìmù náà. Ọ̀dọ́ ni wọ́n, wọn kò ní owó tó fún físà. Ọkọ ń ta tẹ́tẹ́, owó wọn ti fẹ́rẹ̀ẹ́ tán. Ọ̀gá ọlọ́pàá Renault ti ṣèlérí físà fún ìyàwó, ẹ̀yin náà mọ ohun tí ó fẹ́ gbà dípò. Rick dúró lẹ́yìn ọkọ, ó rọra sọ fún un pé kó fi owó sórí 22. Ó gbójú sókè wo Emil. Emil wo Rick. Ó yí kẹ̀kẹ́. 22 jáde. Rick ní kó fi í sílẹ̀ níbẹ̀. Ó tún yí i, 22 tún jáde. Owó físà ti pé.

Ìṣẹ́jú àáyá mélòó ni Emil fi wo Rick? Kò tó nǹkan. Ṣùgbọ́n ẹ wò ó dáadáa. Kò rẹ́rìn-ín músẹ́, kò yà á lẹ́nu, kò ṣẹ́jú fún òǹwòran kí wọ́n mọ̀ pé òun mọ̀. Ó ṣe é bí òṣìṣẹ́ tó mọṣẹ́ tó ti gbọ́ ohun tí ọ̀gá kò sọ. Humphrey Bogart, tó ṣe Rick, ló ni oore náà nínú ìtàn, orúkọ Bogart la fi ń rántí rẹ̀. Ọwọ́ Dalio ló ṣe é. Nígbà tí Rick wá bi í pé báwo ni ọjà ṣe ń lọ lálẹ́ náà, ó ní ó fi ẹgbẹ̀rún méjì kan dín sí iye tí òun rò, tìbínú-tìbínú kọ́, tẹ̀rín-tẹ̀rín sì kọ́. Ní gbogbo ìgbà tí mo bá wo ibẹ̀, mo máa ń ronú pé ẹni tó dúró ní Mẹ́síkò pẹ̀lú ìwé ayédèrú lọ́wọ́ ló ń fún àwọn ọmọdé méjì yìí ní ìwé tòótọ́. Bóyá Curtiz rò ó bẹ́ẹ̀ tàbí kò rò ó, ó wà níbẹ̀.

Lebeau wà nínú fíìmù náà pẹ̀lú. Òun ni Yvonne, obìnrin tí Rick kọ̀, tó wá bá ọmọ ogun Jámánì wọlé, tó sì sunkún nígbà tí gbogbo ilé dìde kọ orin orílẹ̀-èdè Faransé. Ẹkún tòótọ́ ni àwọn tó wà níbẹ̀ ń sun. Wọ́n kọ orúkọ tirẹ̀ sára fíìmù. Àárín ìgbà tí wọ́n ń ya iṣẹ́ yìí náà ni ìgbéyàwó wọn tú ká. Mi ò ní ohun púpọ̀ láti fi kún ìyẹn, ọ̀rọ̀ ilé wọn ni. Ọdún 2016 ni ìyá náà kú, òun sì ló gbẹ̀yìn nínú àwọn òṣèré Casablanca tí orúkọ wọn wà nínú ìwé.

Hollywood lo Dalio láìdúró láti ìgbà náà. Ó ṣe ọlọ́pàá abúlé nínú The Song of Bernadette. Ó ṣe Clemenceau, olórí ìjọba Faransé, nínú Wilson ní 1944. Ọdún yẹn kan náà ló ṣe Gérard, tí Bogart ń pè ní Frenchy, onílé ìtura ní Martinique nínú To Have and Have Not ti Howard Hawks, ẹni tó ń bẹ ọlọ́kọ̀ kan pé kó bá wọn gbé àwọn tó ń bá ìjọba Vichy jà, ìyẹn ìjọba Faransé tó ń bá Hitler ṣe. Orúkọ ìnagijẹ náà fẹ́rẹ̀ẹ́ jẹ́ gbogbo ohun tí Hollywood rí lára rẹ̀. Àwọn kan ka èyí sí ìyà fún un. Ìyà wà níbẹ̀ lóòótọ́, ṣùgbọ́n ẹ fi ojú mìíràn wò ó: ní ilẹ̀ tirẹ̀, wọ́n ti lẹ ojú rẹ̀ mọ́ ògiri láti fi hàn pé kì í ṣe ọmọ Faransé. Amẹ́ríkà nìkan ló gbà á bí ọmọ Faransé pátápátá, tí wọn kò bi í léèrè ohunkóhun mọ́.

Ó pa dà sílé lẹ́yìn ogun. Ó ṣiṣẹ́ pẹ̀lú René Clément nínú Les Maudits ní 1947, pẹ̀lú Yves Allégret nínú Dédée d'Anvers ní 1948. Lẹ́yìn náà ló bẹ̀rẹ̀ sí í fò láti Paris sí Hollywood, láti Hollywood sí Paris. Ó ṣe adájọ́ nínú Gentlemen Prefer Blondes, níwájú Jane Russell tó ń díbọ́n bíi Marilyn Monroe. Ó ṣe fadá nínú Donovan's Reef ti John Ford. Kì í ṣe gbogbo wọn ló dára, ó sì wà nínú wọn tí n kò ní lè gba ẹnikẹ́ni nímọ̀ràn láti wò.

Sabrina ti Billy Wilder, 1954, yàtọ̀. Dalio ni baron àgbà tó wà ní ilé ẹ̀kọ́ oúnjẹ ní Paris níbi tí wọ́n rán Audrey Hepburn lọ. Oúnjẹ ẹyin tí kálukú wọn ṣe wú dáadáa, ti Sabrina nìkan ló tẹ́ pẹrẹsẹ. Baron bẹ̀ ẹ́ wò lẹ́ẹ̀kan, ó mọ̀. Ó ní obìnrin tí ìfẹ́ ń dùn mọ́ á jẹ́ kí tirẹ̀ jóná. Èyí tí ìfẹ́ bà nínú jẹ́ yóò gbàgbé láti tan iná. Ẹnìkan tó ń sọ irú ọ̀rọ̀ yìí lè sọ ọ́ bí àgbàlagbà tó ń tage. Dalio sọ ọ́ bí dókítà tó ti rí àìsàn yìí lára ara rẹ̀. Ìṣẹ́jú díẹ̀ ló lò, ṣùgbọ́n láti ibẹ̀ ni Sabrina ti bẹ̀rẹ̀ sí í di ẹlòmíràn, òǹwòran sì gbà á gbọ́ torí pé ẹni tó sọ ọ́ fún un jẹ́ ẹni tó yẹ kó mọ̀.

Nínú Catch-22 ti Mike Nichols ní 1970, ó ṣe arúgbó tó jókòó sí ilé àwọn aṣẹ́wó ní Romu, tó ń bá ọmọ ogun Amẹ́ríkà kan jiyàn. Arúgbó náà ní Ítálì ń jàre torí pé ó ń pàdánù ogun. Ó ní òun ti bá Mussolini ṣe nígbà tí Mussolini wà níbẹ̀, òun ń bá Amẹ́ríkà ṣe nísinsìnyí. Ọmọ náà ń bínú, ó ń sọ̀rọ̀ iyì. Arúgbó ń sọ̀rọ̀ wíwà láàyè. Ẹni ọdún àádọ́rin ni Dalio nígbà náà. Ó ti sin ayé kan. Kò jẹ́ kí arúgbó náà dára, kò sì jẹ́ kó burú, ó kàn jẹ́ kó wà láàyè gbọingbọin.

Èmi tí mo dàgbà ní Àjàṣẹ́, ìyẹn Porto-Novo, ọ̀nà tí mo gbà kọ́kọ́ pàdé rẹ̀ kò ní í ṣe pẹ̀lú Renoir. Ní ilé tiwa àti ní àdúgbò wa, Louis de Funès, aláwàdà Faransé, ni gbogbo èèyàn mọ̀. Àbúrò bàbá mi ní kásẹ́ẹ̀tì Les Aventures de Rabbi Jacob, àwa ọmọdé sì lè pe ọ̀rọ̀ inú rẹ̀ kí de Funès tó pè é. Gérard Oury ló ṣe é. Oṣù kẹwàá 1973 ló jáde, nígbà tí ogun ń lọ lọ́wọ́ láàárín Ísírẹ́lì àti àwọn Árábù. De Funès ṣe Pivert, olówó tó kórìíra gbogbo ẹni tí kì í ṣe bíi tirẹ̀, tí ìṣòro wá sọ di rábì tipátipá. Rábì Jacob gan-an, arúgbó tó ti New York ń bọ̀ wá sí Paris, Dalio ni. Àwa kò mọ̀. Fún wa, òun ni bàbá onírùngbọ̀n funfun tí ẹ̀rín rẹ̀ dùn, tí gbogbo èèyàn ń gbá mọ́ra ní ìbẹ̀rẹ̀ fíìmù. Ó di ìgbà tí mo dàgbà, tí mo ti mọ La Règle du jeu tán, kí n tó rí orúkọ méjèèjì nínú ìlà kan náà, mo sì jókòó fún ìgbà pípẹ́ láìlè ṣe nǹkan kan.

Ó lé ní mílíọ̀nù 7 èèyàn tó ra tíkẹ́ẹ̀tì fíìmù yẹn ní ilẹ̀ Faransé. Àwọn kan nínú wọn á ti dàgbà tó láti rántí bébà tó wà lára ògiri. Ojú kan náà ni wọ́n tún ń wò, wọ́n sì tún ń pè é ní ojú Júù, àmọ́ lọ́tẹ̀ yìí orúkọ náà jẹ́ orúkọ ìfẹ́, wọ́n sì ń retí kí bàbá náà dé. Ẹ̀fẹ̀ ni fíìmù náà, n kò fẹ́ dì í lẹ́rù tí kò lè gbé. Síbẹ̀ mo gbà pé Oury, tí òun náà jẹ́ Júù tó sá kúrò ní Faransé nígbà ogun, kò ṣèèṣì mú Dalio fún ipa yẹn.

Dalio kọ ìtàn ìgbésí ayé rẹ̀ sínú ìwé kan, Mes années folles, tó jáde ní 1976. Ó kú ní Paris ní ọjọ́ 18 oṣù kọkànlá 1983, ó ku ọjọ́ díẹ̀ kó pé ọdún mẹ́rinlélọ́gọ́rin.

Ẹni tó bá fẹ́ mọ̀ ọ́n, mo rọ̀ ọ́ kó má fi Casablanca bẹ̀rẹ̀. Kó kọ́kọ́ wo La Grande Illusion, torí ó rọrùn láti wọlé sínú rẹ̀, Gabin sì ń bá a gbé ẹrù náà. Kó wá wo La Règle du jeu, ẹ̀dà tí wọ́n tún tò, kó sì wò ó lẹ́ẹ̀mejì, torí pé nígbà àkọ́kọ́ àwọn èèyàn tó ń sá kiri nínú ilé náà kò ní jẹ́ kó rí ọkùnrin tó ń bẹ̀bẹ̀ pé kí wọ́n dá eré náà dúró. Lẹ́yìn ìyẹn ni kó tó lọ sí ilé Rick. Tí wọ́n bá dé ibi tí ọ̀gá ọlọ́pàá ti ń pariwo pé ó ya òun lẹ́nu pé wọ́n ń ta tẹ́tẹ́ níbẹ̀, kó má wo ọ̀gá ọlọ́pàá. Ẹni tó ń ti ẹ̀yìn bọ̀, tí owó tí ọ̀gá náà jẹ wà lọ́wọ́ rẹ̀, ni kó wò.